Ẹnu Tí Felicia Yá

Ìwọ tí o ń ka ìtàn yìí, ṣọ́ra fún ẹni tó bá ń wo ẹnu rẹ nígbà tí o bá ń sọ̀rọ̀. Má wo ti ẹ̀rín tó ń rín. Má wo ti pé ọmọ rẹ ni. Bó bá ti ń wo ẹnu rẹ, tó tún ń wo ọwọ́ rẹ, tètè panu mọ́. A ti kìlọ̀ fún ọ o.

Lórí ọ̀kadà ni Felicia Ògúntóyìn wà lọ́sàn-án ọjọ́ Sátidé náà. Ó di ẹ̀wù ọlọ́kadà mú gírígírí. Ẹ̀ẹ̀rùn ọdún 2002 ṣẹ̀ṣẹ̀ wọlé ni, eruku pupa ti kun gèlè rẹ̀. Súnkànmí ni ọlọ́kadà náà ń jẹ́. Gáréèjì Ọ̀yẹ́ ló ti gbé e, Ìlúpéjú ni wọ́n ń lọ, ẹnu rẹ̀ kò sì dákẹ́ láti ìgbà tó ti dá a mọ̀.

“Àbí ẹ̀yin kọ́ ni Ìyá Ọ̀gànjọ́ inú tẹlifísàn ni? Yéè! Mo gbé àjẹ́ o! Màmá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má fò kúrò lẹ́yìn mi o, ẹ jẹ́ n kọ́kọ́ já yín sílẹ̀ ná!”

Felicia rẹ́rìn-ín. Ẹ̀rín ló máa ń fi dáhùn gbogbo èèyàn.

“Ẹ sọ gbólóhùn yẹn fún mi. Ẹ sọ ọ́ lẹ́ẹ̀kan péré.”

“Eruku ń wọ̀ mí lẹ́nu.”

“Kò burú. Ṣùgbọ́n ṣé ẹ mọ̀ pé ẹ̀dà yín wà ní Ìlúpéjú? Ìyá olóòlẹ̀lẹ̀ kan. Bí ẹ ṣe ń ṣe nínú fídíò náà ló ń ṣe lójú ayé. Á tẹ orí báyìí, á fún ojú kan báyìí. Àwọn ọmọ iléèwé ló tú àṣírí ẹ̀. Ta ni yóò jẹ òlẹ̀lẹ̀ àjẹ́? Ó ti da ìkòkò dojú dé.”

Kì í ṣe pé Felicia kò gbọ́ ọ rí. Ará ilé kan ti sọ ọ́ fún un nígbà tó wá kí i ní Adó, Felicia sì rẹ́rìn-ín nígbà náà. Ó ní, “Ẹ̀yin ará ilé yìí náà! Fídíò lásánlàsàn!” Ó fi ẹran kún ọbẹ̀ fún àlejò, ọ̀rọ̀ tán. Àmọ́ láti ọjọ́ náà, kò tún tẹsẹ̀ bọ ilé mọ́. Wọ́n ní ẹni tó ṣu ló ń gbàgbé, ẹni tó kó o kì í gbàgbé. Òun ló ṣu, kò sì rí i gbàgbé. Ibi tí ọ̀rọ̀ tirẹ̀ ti le nìyẹn.

Ìyá olóòlẹ̀lẹ̀ náà, Fọlákẹ́ ni orúkọ rẹ̀, Ìyá Bámidélé ni ìlú ń pè é. Àbúrò ìyá Felicia ni. Nígbà tí ìyá Felicia kú, ẹ̀yìn rẹ̀ ni wọ́n gbé ọmọ náà pọ̀n sí. Etí ọ̀tún Ìyá Bámidélé ti di láti kékeré, ìdí nìyẹn tó fi máa ń tẹ orí kí ó lè fi etí òsì gbọ́ ohun tí ènìyàn ń wí. Èéfín iná òlẹ̀lẹ̀ ló ba ojú kan jẹ́ fún un tó fi ń fún un pọ̀. Iná kan náà ló rán Felicia níléèwé. Bí ìyá bá fẹ́ sọ̀rọ̀, á kọ́kọ́ fi ẹ̀yìn ọwọ́ gbá ìbàdí, pẹ́pẹ́. Gbólóhùn kan sì wà tó máa ń sọ fún ọmọ tó bá fẹ́ jí òlẹ̀lẹ̀ mú nínú igbá: “Mo ti rí i. Mi ò tíì sọ ni.” Ọmọ náà á rẹ́rìn-ín, á dá a padà, ìyá á sì bu díẹ̀ fún un. Ọ̀rọ̀ ìfẹ́ ni, kò ju bẹ́ẹ̀ lọ.

Felicia kò ka ìwé jìnnà. Ó ṣe tán ní pámárì, ó kọ́ iṣẹ́ aránṣọ kò parí rẹ̀, ló bá tẹ̀lé ẹgbẹ́ òṣèré Ọ̀gá Oyèbánjí nígbà tí wọ́n wá ṣeré ní Ìkọ̀lé. Bọ́ọ̀sì ògbólógbòó kan ni wọ́n fi ń rìn. Ìkọ̀lé lónìí, Ìdó lọ́la, Ọ̀tùn lọ́túnla. Felicia á sunkún lórí ìtàgé bí ìyàwó tí ọkọ lé jáde, àwọn òǹwòran á bá a sunkún, wọn á délé, wọn á sì gbàgbé orúkọ rẹ̀. Nígbà tó yá, tẹlifísàn gba ayé mọ́ ìtàgé lọ́wọ́. Felicia gbé ẹkún rẹ̀ lọ síbẹ̀ náà. Wọ́n tún gbàgbé rẹ̀.

Iṣẹ́ tiwọn kò ní ìwé. Ọ̀gá á pe gbogbo wọn jọ sábẹ́ igi, á sọ ìtàn náà láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, á wá máa nàka: “Ìwọ ni ọkọ. Ìwọ ni ìyàwó. Kálukú lọ wá ẹnu tí yóò fi sọ ọ́.” Àmọ́ Felicia kò ní ẹnu. Ojo èèyàn ni, ẹni tó máa ń wo ẹ̀yìn kó tó ti ilẹ̀kùn. Àwọn ẹlòmíràn ló máa ń wò, tó ń kó wọn pamọ́ sínú.

Lọ́jọ́ tí ọ̀gá nàka sí i pé kó ṣe àjẹ́ kan tó ń jẹ́ Ìyá Ọ̀gànjọ́, ó gbìyànjú títí. Ó ké bí ológbò, ó la ojú bí òwìwí.

“Gé e!” ni Ọ̀gá Oyèbánjí wí. “Felicia, ṣé àjẹ́ tó ń bẹ̀rù adìyẹ lo fẹ́ ṣe fún wa ni? Oòrùn ń wọ̀ o. Bó ò bá lè ṣe é, bọ́ aṣọ náà fún ẹlòmíì.”

Ibẹ̀ ni ọwọ́ Felicia ti lọ sí ìbàdí fúnra rẹ̀. Pẹ́pẹ́. Orí rẹ̀ tẹ̀. Ojú kan fún pọ̀. “Mo ti rí i,” ló wí. “Mi ò tíì sọ ni.”

Ẹni tó gbé kámẹ́rà kò rántí dá a dúró. Láti ọjọ́ náà ni gbogbo Èkìtì ti mọ orúkọ rẹ̀.

Nísinsìnyí, ṣọ́ọ̀ṣì ìlú rẹ̀ ló ránṣẹ́ pè é, wọ́n fẹ́ dá a lọ́lá níbi ayẹyẹ ìkórè. Ó ti pinnu nínú mọ́tò láti Adó pé òun á kọ́kọ́ yà sílé ìyá, òun á kúnlẹ̀. Ṣùgbọ́n nígbà tí Súnkànmí dé ìkóríta tó bi í pé, “Ilé ni àbí ṣọ́ọ̀ṣì?” ẹnu rẹ̀ ní, “Ṣọ́ọ̀ṣì.” Ó sọ fún ara rẹ̀ pé ìyá á ti wà níbẹ̀. Ó mọ̀ pé irọ́ ni.

“Ìyá Ọ̀gànjọ́ wa dé o!”

Tíṣà Wọlé ló ń pariwo bẹ́ẹ̀, òun ló ń darí ètò. Gbohùngbohùn ṣọ́ọ̀ṣì wà lókè ilé agogo, ẹnu rẹ̀ kọ sí ìlú. Àwọn ènìyàn dìde ní pápá ṣọ́ọ̀ṣì, wọ́n ń gbá ìbàdí, pẹ́pẹ́, pẹ́pẹ́, àtọmọdé àtàgbà. Felicia wo àwọn àga títí. Kò rí ẹni tó ń wá.

“Tíṣà,” ó rọra bi í, “ìyá mi ńkọ́? Ìyá Bámidélé?”

Wọlé fi ọwọ́ bo ẹ̀rọ tó fi ń sọ̀rọ̀ lẹ́nu. “Hà, Àǹtí. Ìyẹn kì í jáde mọ́.” Ó rẹ́rìn-ín kélékélé. “Ẹ jẹ́ ká fi sílẹ̀. Ilé náà kúkú lẹ ti kọ́ṣẹ́, àbí bẹ́ẹ̀ kọ́?”

Ọ̀rọ̀ yìí wọ Felicia lára. Ó gba ẹ̀rọ náà. Nínú ẹ̀rù tó ń bà á, èrò kan ṣoṣo ló rí dì mú: bí òun bá sọ òtítọ́ níwájú gbogbo wọn, òtítọ́ á wẹ ìyá mọ́. Ta ni kò mọ̀ pé bí irọ́ bá lọ fún ogún ọdún, ọjọ́ kan ni òtítọ́ á bá a?

“Ẹ… ẹ kú ìkórè,” ló wí. Ohùn rẹ̀ tinrín. Kò sí ìtàn tí ọ̀gá kan sọ fún un, kò sí aṣọ àjẹ́ lọ́rùn rẹ̀. “Mo fẹ́ sọ nǹkan kan. Ìyá Ọ̀gànjọ́ yẹn… kì í ṣe tèmi. Ọ̀dọ̀ Ìyá Bámidélé ni mo ti kọ́ ọ. Gbogbo ẹ̀. Òun ni mo wò ṣe é.”

Kò tíì parí ọ̀rọ̀. Èyí tó ṣe pàtàkì ṣì wà lẹ́nu rẹ̀. Ṣùgbọ́n pápá náà ti hó.

“Ó jẹ́wọ́!”

“Kí la ti ń sọ láti ọjọ́ yìí? Kí la ti ń sọ?”

“Jésù!” Obìnrin kan fa ọmọ rẹ̀ mọ́ra.

“Rárá! Ẹ gbọ́ mi! Ìrìn rẹ̀ ni… ọwọ́ rẹ̀ ni mo ní mo kọ́… ìyá dáadáa ni…” Ó ń wá ọ̀rọ̀, kò rí i. Ibi tí ọ̀rọ̀ ti tán lọ́wọ́ rẹ̀ ni ọwọ́ náà ti ṣe ohun tó mọ̀ ọ́n ṣe. Pẹ́pẹ́. Orí rẹ̀ tẹ̀ sí ẹ̀gbẹ́ kan.

Gbogbo pápá bú sẹ́rìn-ín. Àtẹ́wọ́ ń ró wàá bí òjò. “Òṣèré tòótọ́ rèé!” ni Wọlé ń ké. “Ẹ tún pàtẹ́wọ́ fún un!”

Èyí tó jẹ́ òótọ́, wọ́n gbà á bí ìjẹ́wọ́. Èyí tó fi ń bẹ̀bẹ̀, wọ́n gbà á bí eré. Wọ́n gbé fọ́tò rẹ̀ nínú férémù onídígí lé e lọ́wọ́. Ó kúnlẹ̀ dúpẹ́ tán, ó fi férémù náà sórí àga, ó bá ẹ̀yìn ṣọ́ọ̀ṣì jáde.

Ilé ìyá kò jìnnà. Ohùn Wọlé ń tẹ̀lé e láti orí ilé agogo, ó mọ́ ketekete bí ẹni pé ó ń bá a rìn. Ó dé ẹnu ọ̀nà kó tó yé e. Bí òun ṣe ń gbọ́ Wọlé yìí, bẹ́ẹ̀ náà ni ìyá ti gbọ́ òun.

Iná ti kú nínú àdògán. Ìkòkò dojú dé lẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri, aláǹtakùn ti ta sí i. Ewé tí wọ́n fi ń pọ́n òlẹ̀lẹ̀ ti gbilẹ̀ lẹ́yìnkùlé, kò sẹ́ni tó ń já a. Ìyá Bámidélé jókòó lórí àpótí. Ó fi ọwọ́ méjèèjì di ara wọn mú lórí itan.

“O dé, Felicia.”

“Mo dé, ìyá mi. Ẹ kú ulé o.” Ó kúnlẹ̀. “Mo wá bẹ̀ yín ni.”

“Hẹ̀n?”

Etí tó di ló kọ sí i. Felicia dúró kí ìyá tẹ orí bó ṣe máa ń tẹ̀ ẹ́. Orí náà kò tẹ̀. Ó dúró ṣánṣán. Ó kúkú yá ìyá lára kó má gbọ́.

“Mo ní mo wá bẹ̀ yín!”

“Má pariwo. Gbogbo ulú ti gbọ́ ọ lẹ́ẹ̀kan lónìí.”

“Mo fẹ́ là á yé wọn ni, ìyá mi. Wọn ò jẹ́ kí n parí rẹ̀.”

“Mo gbọ́.” Ìyá mí kanlẹ̀. “Èyí tí wọ́n ń sọ tẹ́lẹ̀, ẹnu wọn ni. Èyí tòní, ẹnu ọmọ mi ni.”

Felicia tẹ orí ba. Ẹkún kò wá. Òun tó ti sunkún fún gbogbo ènìyàn láti Ìkọ̀lé dé Ọ̀tùn.

“Uná yẹn,” ni ìyá wí, ó ń wo àdògán, “kó tó kú, àwọn ọmọ iléèwé máa ń dúró lọ́ọ̀ọ́kán níbẹ̀ yẹn, wọn á máa gbá ìbàdí. Mi ò ní tẹlifísàn, mi ò mọ nǹkan kan. Mo rò pé wọ́n ń bá mi ṣeré ni. Mo bá wọn rẹ́rìn-ín. Mo bá wọn gbá a.” Ó mú ojú kúrò lára àdògán. “Mi ò mọ̀ pé èmi ni.”

“Ìyá mi…”

“Ṣé o ń wò mí?”

“Rárá o, mà.”

“O ń wò mí. Láti kékeré, bí mo bá ti ń sọ̀rọ̀, ẹnu mi lo máa ń wò. Mo máa ń sọ fún wọn pé, ẹ wo bí ọmọ yìí ṣe fẹ́ràn mi tó.”

“Mo fẹ́ràn yín.”

Ọwọ́ ìyá kúrò lórí itan. Ó ń lọ sí ìbàdí. Felicia rí i, ìyá náà sì rí i pé ó rí i. Ọwọ́ náà dúró lójú ọ̀nà, ó rọra padà, ó sì di èkejì rẹ̀ mú.

“Ó tó,” ni ìyá wí. “Mi ò ní sọ̀rọ̀ mọ́.”

“Ẹ bú mi, ìyá mi. Ẹ gbá mi létí. Ẹ sọ nǹkan kan.”

Lókè ilé agogo, wọ́n ti bẹ̀rẹ̀ sí í lu iṣu ní gbàǹjo, Wọlé ń dẹ́rìn-ín pa ìjọ. Felicia kò dìde. Ó ń retí. Ó ń wo ìyá bó ṣe jókòó, bí ètè rẹ̀ ṣe pa dé, tí ọrùn rẹ̀ le bí ọrùn ẹni tó ru omi.

Ìgbà tó wo ilẹ̀, ó rí ọwọ́ ara rẹ̀. Wọ́n ti di ara wọn mú lórí itan. Orí rẹ̀ dúró ṣánṣán, ètè rẹ̀ pa dé. Kò mọ ìgbà tó bẹ̀rẹ̀ rẹ̀.

Ó yára fi ọwọ́ méjèèjì pamọ́ sábẹ́ ìró.

“Ìyá mi,” ó tún pè.

Ìyá Bámidélé dìde díẹ̀, ó yí àpótí rẹ̀ padà, ó sì kọ ojú sí ògiri, kí Felicia má baà rí ẹnu àti ọwọ́ rẹ̀ mọ́.