Prúùfù Bàbá Àkànó

Ẹni tó ta ilé fúnni tí kò tíì fúnni níwèé kì í rẹ́rìn-ín tó bí Bàbá Àkànó ṣe ń rẹ́rìn-ín.

Ilé kékeré kan ní Ladi-Lak ló tà fún Japhet, ọkọ Sabina. Japhet san owó rẹ̀ tán, wọ́n kọ àdéhùn, ó wá ku kí bàbá fọwọ́ sí ìwé tí yóò sọ ilé di tiwọn pátápátá. Ó ní tó bá di Àjíǹde, òun á fọwọ́ sí i. Àjíǹde dé, ẹsẹ̀ ń dùn ún. Lẹ́yìn ìyẹn, ìyàwó rẹ̀ rìnrìn àjò, ìyàwó ọ̀hún nìkan ló sì mọ ibi tí awò ojú rẹ̀ wà. Nígbà tí Japhet kú, Bàbá Àkànó sunkún ju àwọn ẹ̀gbọ́n olóògbé tó wá láti etí òkun lọ. Ó ní a kì í gbé ọ̀rọ̀ ìwé bá opó nínú ọ̀fọ̀. Sabina dúpẹ́. Ọ̀fọ̀ tán, ìwé ò dé. Iṣu ló ń dé, pẹ̀lú "Fara balẹ̀, ọmọ mi."

Ilé ìtẹ̀wé tí Japhet fi sílẹ̀ ní Ṣómólú ni Sabina ń bójú tó. Ibẹ̀ ni Dọlápọ̀, ọ̀dọ́ lọ́yà kan láti Fola Agoro, ti wá tẹ káàdì, tí ọ̀rọ̀ fi já sórí ilé.

"Mà, ìgbà wo ló yẹ kí bàbá yìí ti fọwọ́ sí i?"

"Ó máa pé ọdún mẹ́fà ní ọ̀sẹ̀ méjì òní."

Dọlápọ̀ gbé káàdì sílẹ̀. "Ọdún mẹ́fà náà ni òfin fún yín láti pe ẹni tó yẹ àdéhùn lẹ́jọ́. Tó bá ti kọjá, ẹ máa sunkún títí, kóòtù ò ní gbọ́."

"Ṣebí sùúrù ni mo ń ní fún un!"

"Sùúrù kì í dá aago dúró, Mà. Bàbá yẹn náà sì mọ̀. Oògùn oorun ni iṣu yẹn."

"Jẹ́ ká pè é lẹ́jọ́ lónìí."

"Àwọn òṣìṣẹ́ kóòtù ti daṣẹ́ sílẹ̀. Kò sẹ́ni tó máa gba ìwé lọ́wọ́ wa." Ó ronú díẹ̀. "Àfi tí òun fúnra rẹ̀ bá kọ ọ́ pé òun ta ilé náà fún yín, pé ìwé yín ṣì wà lọ́rùn òun, tó sì fọwọ́ sí i kí ọjọ́ tó pé. Nígbà náà, màá lè bá adájọ́ sọ ọ́ pé kí a bẹ̀rẹ̀ ìṣirò láti ọjọ́ ìfọwọ́sí."

"Bàbá Àkànó? Ẹni tó jẹ́ pé díẹ̀ ló kù kó má fọwọ́ sí ìwé ìgbéyàwó ọmọ rẹ̀!"

Lọ́jọ́ kejì, ta ló wọlé bí kò ṣe Bàbá Àkànó. Ó fẹ́ ṣe ìdúpẹ́ àádọ́rin ọdún, lọ́jọ́ Ìsinmi tó tẹ̀ lé ìgbà tí ọdún mẹ́fà ilé máa pé. Ìwé ètò ìsìn ló fẹ́ tẹ̀, pẹ̀lú ìtàn ìgbésí ayé rẹ̀ nínú.

Sabina ka ìtàn náà. Ó mí kanlẹ̀. "Ó mà kúrú o, Bàbá. Ti Bàbá Bámilóyè tí a tẹ̀ lọ́dún tó kọjá kún ojú ewé mẹ́ta."

"Bámilóyè! Kí ló gbé ṣe?"

"Ilé tó kọ́, ilé tó tà. Ó ní kò sẹ́ni tóun ta ilé fún tó kábàámọ̀."

"Bámilóyè tó ta ilé kan ṣoṣo fún ẹni mẹ́ta!"

"Èmi ò mọ̀ o, Bàbá. Ohun tí ìjọ bá kà ni wọ́n ń gbà gbọ́."

Bàbá gbójú sókè. Ètè rẹ̀ ń mì wúyẹ́wúyẹ́. Sabina rí i pé ọjọ́ ló ń kà. Kí ìjọ tó ka ìwé yìí, aago á ti lù kọjá. Ẹ̀rín bọ́ sí bàbá lẹ́nu.

"Kọ ọ́: Mo ta ilé mi ní Ladi-Lak fún olóògbé Japhet. Ó san owó rẹ̀ tán, èmi yóò sì fi ìwé ilé lé opó rẹ̀ lọ́wọ́, nítorí ẹni àdéhùn ni mí."

"Ẹni àdéhùn," ni Sabina ń sọ bó ṣe ń tẹ̀ ẹ́. Kò gbójú sókè.

Ní Ṣómólú, ẹ̀rọ kì í yí láìsí prúùfù. Ẹ̀dà àkọ́kọ́ ni, tí oníbàárà máa kà, tó máa fọwọ́ sí, tó sì máa kọ ọjọ́ sí, kó má baà padà wá sọ pé ohun tóun ní kí wọ́n tẹ̀ kọ́ nìyí. Japhet máa ń sọ pé bí Gébúrẹ́lì gan-an bá gbé iṣẹ́ wá, yóò fọwọ́ sí prúùfù. Bàbá Àkànó gba tirẹ̀, ó ní kí wọ́n wá fọ́tò tóun ti ṣì nírun, ó fọwọ́ sí i gbàràgàdà, ó kọ ọjọ́ òní sábẹ́ rẹ̀, ó súfèé jáde. Sabina ki prúùfù náà sínú àpòòwé, ó gbé e lọ fún Dọlápọ̀ lọ́jọ́ náà gan-an.

Ọjọ́ pé. Ní Sátidé tó tẹ̀ lé e, bàbá wá kó ìwé.

"Sabina, ṣé o mọ̀ pé ọdún mẹ́fà ti pé? Má wulẹ̀ da ara rẹ láàmú lọ sí kóòtù o. Ilé ti padà sílé."

"Mo mọ̀, Bàbá." Ó gbé ìdì ìwé fún un, ó fi ẹ̀dà prúùfù lé e lórí. "Ojúlówó èyí wà lọ́wọ́ lọ́yà mi. Ọjọ́ wo lẹ kọ síbẹ̀?"

Lọ́jọ́ yẹn, awò ojú kò sọnù. Bàbá kà á. Ẹ̀rín ṣì wà lẹ́nu rẹ̀, ṣùgbọ́n ó ti kúrò lójú.

"Prúùfù lásán ni!"

"Tí ẹ fọwọ́ sí."

"Ìwé ìdúpẹ́ ni, kì í ṣe ìwé ilé!"

"Lọ́yà mi ní adájọ́ mọ̀ ọ́n kà."

"Má jẹ́ kó jáde, Sabina!"

"Pásítọ̀ ti gba tiwọn láàárọ̀. Wọ́n ní tí wọ́n bá dé ibi ẹni àdéhùn lọ́la, àwọn máa pè yín síwájú, kí ẹ wá fi ìwé ilé lé mi lọ́wọ́, kí ìjọ pàtẹ́wọ́."

Bàbá Àkànó jókòó gbì. "Ọkọ rẹ ló kọ́ ọ báyìí."

"Òun ni, Bàbá." Ó gbé ìwé ilé àti bírò síwájú rẹ̀. "Ẹ rọra kà á o, kí ẹ tó fọwọ́ sí i."

Bàbá fi ìka tọ ọ̀rọ̀ kọ̀ọ̀kan títí dé ìsàlẹ̀.

"Bámilóyè ńkọ́? Ṣé ó fi ìwé ilé léèyàn lọ́wọ́ níwájú ìjọ rí?"

"Rárá o, Bàbá. Kò ṣe é rí."

Bàbá Àkànó na ẹ̀yìn rẹ̀ tọ́, ó gbé bírò.