Ìrẹsì Tí Wọ́n Fi Bá Wa Kẹ́dùn

Ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ kẹta nínú àdúrà òkú ọlọ́jọ́ mẹ́sàn-án tí wọ́n ń ṣe fún Romana, Gorio gbé àga rẹ̀ kúrò láàárín àwọn tó wá gbàdúrà, ó gbé e sí ẹnu ọ̀nà ilé ìdáná, níbi tí ó ti lè máa wo ọgbà wáyà àwọn ológun. Kò sí ẹni tó bi í ní ìdí. Gbogbo abúlé ló mọ̀ pé ilẹ̀ bàbá rẹ̀ ló wà lẹ́yìn wáyà náà, wọ́n sì mọ̀ pé Romana tó jẹ́ ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin ti fi ọdún mẹ́tàléláàádọ́ta sọ pé òun kò ní í kú kí wọ́n tó dá a padà. Ó ti kú báyìí. Wáyà ṣì wà níbẹ̀.

"Gorio, gbójú kúrò níbẹ̀ jàre," Ìyá Benita, aládùúgbò wọn, sọ bó ṣe ń gbé ìkòkò ọbẹ̀ adìẹ kọjá. "Bí ojú bá lè gé wáyà, tìrẹ ì bá ti gé e nígbà tí irun ṣì wà lórí rẹ."

"Ẹ máa lọ, ọbẹ̀ yín ń tutù."

"Ọbẹ̀ tèmi kì í tutù. Ìwọ lò ń tutù."

Gorio kò rẹ́rìn-ín. Lẹ́tà kan wà nínú àpò ṣẹ́ẹ̀tì rẹ̀. Iléeṣẹ́ ilẹ̀ ló kọ ọ́ ní oṣù tó kọjá pé àwọn ológun kò nílò apá kan nínú ilẹ̀ náà mọ́, pé àwọn ìdílé tó ni ín lè wá gbà á. Ilẹ̀ bàbá rẹ̀ wà nínú rẹ̀. Ṣùgbọ́n ìlà kan wà lókè ibi tí èèyàn yóò ti fọwọ́ sí i: "Mo gbà pé tinútinú ni bàbá mi fi ta ilẹ̀ yìí." Romana kọ̀, kò fọwọ́ sí i títí ó fi kú. Gorio nìkan ló kù, ọ̀la sì ni ọjọ́ tó kẹ́yìn.

Láti àárọ̀ ni Asunta, ọmọ Romana, ti ń tẹ̀ lé e kiri.

"Bàbá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ fọwọ́ sí i. Ọmọ mẹ́rin ni mo kó sínú yàrá kan. Ìlà kan péré ni. Ta ló máa kà á?"

"Èmi ti kà á."

Ọmọ ọdún mẹ́wàá ni Gorio nígbà tí ogun parí. Àwọn ará Japan ti kó gbogbo abúlé rìn wọ inú igbó, ìyá rẹ̀ kò sì bọ́ nínú àìsàn ìrìn náà títí ó fi kú. Lọ́jọ́ àdúrà rẹ̀, ọ̀gá ológun ará Amẹ́ríkà kan gbé àpò ìrẹsì mẹ́rin àti páálí ẹran inú agolo wá. Ebi ń pa wọ́n. Bàbá rẹ̀ sunkún. Ní Guam, erékùṣù tí wọ́n ń gbé, ẹni tó bá gbé nǹkan wá síbi ọ̀fọ̀ rẹ ti di ẹni rẹ. Lọ́jọ́ tí òun náà bá wá tọrọ, ojú yóò tì ọ́ láti sọ pé rárá. Lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ méjì, ọ̀gá náà mú ìwé dé. Ó ní àwọn nílò oko náà fún ọkọ̀ òfurufú. Bàbá Gorio kò gbọ́ èdè Gẹ̀ẹ́sì. Ó tẹ̀ka. Ohun tó sọ lọ́jọ́ náà, Gorio fi etí ara rẹ̀ gbọ́ ọ: "Ọkùnrin yìí bá mi sin ìyàwó mi. Ẹ jẹ́ kó lo ilẹ̀ náà títí yóò fi ṣe tán."

Wọn kì í wọ igbó ní erékùṣù yẹn láì kọ́kọ́ tọrọ àyè lọ́wọ́ àwọn baba ńlá tó ti gbé ibẹ̀. Katapílà kò tọrọ àyè lọ́wọ́ ẹnì kankan. Ní àárọ̀ ọjọ́ kan ṣoṣo, ó wó igi gbẹ̀rẹ̀fùtù méje lulẹ̀. Nígbà tí ó rẹ bàbá wọn láti máa retí, ó lọ sí ẹnu géètì, ó bi wọ́n bóyá wọ́n ti ṣe tán. Ọmọdé ológun kan tó gbé ìbọn kọ́rùn ní kó máa lọ sílé. Ọdọọdún ló ń lọ bẹ́ẹ̀, ó sì ń fọ aṣọ tó dára jù tó ní kó tó lọ.

Òun ni wọ́n fẹ́ kí Gorio kọ̀wé pé ó ta ilẹ̀.

Àdúrà kò tíì bẹ̀rẹ̀ nígbà tí mọ́tò funfun kan dúró níwájú ilé. Ọ̀gbẹ́ni Kitugwa ló sọ̀ kalẹ̀, ọ̀gá iléeṣẹ́ ilẹ̀, ẹni tó fọwọ́ sí lẹ́tà náà. Ọmọ abúlé ni. Ó tẹríba, ó gbé ọwọ́ Gorio sí imú bí wọ́n ti ń kí àgbà.

"Bàbá, ẹ kú ara fẹ́ra kù."

"O ṣé."

Awakọ̀ rẹ̀ ti ń já ẹrù: àpò ìrẹsì méjì, páálí ẹran inú agolo kan. Wọ́n lẹ orúkọ iléeṣẹ́ mọ́ ọn lára gàdàgbà. Ìyá Benita ti na ọwọ́ sí páálí náà kí Gorio tó dìde.

"Ẹ má gbé e wọlé."

"Kí lo wí?"

"Mo ní ẹ má gbé e wọlé."

Àwọn tó ń bára wọn jà tí wọn kì í kíra wọn pàápàá, wọ́n ń gba ohun ọ̀fọ̀ lọ́wọ́ ara wọn. Kò sí ẹni tó tíì kọ ọ́ rí.

"Bàbá, inú rere ni mo fi gbé e wá," Kitugwa sọ.

"Ta ló rà á?"

"Iléeṣẹ́ ni, àmọ́—"

"Nígbà tí Rosalia ìyá rẹ kú, ẹja ni mo gbé wá. Èmi ni mo pa á. Ká ní ẹja kan ṣoṣo ni ìwọ náà mú dání, mà bá jẹ ẹ́." Gorio kò gbé ohùn sókè. "Bàbá mi jẹ irú ìrẹsì yìí. Àpò mẹ́rin ni, wọ́n sì ti fi jẹ ilẹ̀ rẹ̀ fún ọdún mẹ́tàléláàádọ́ta. Kí lẹ tún fẹ́ fi èyí gbà?"

Ó yọ lẹ́tà náà, ó tẹ́ ẹ sórí tábìlì láàárín àwọn àwo, ó fa bírò la ìlà náà já. Ó kọ ọ́ sábẹ́ rẹ̀ pé: "Bàbá mi yá wọn ni. Kí wọ́n dá a padà." Ó fọwọ́ sí i, ó nà án sí Kitugwa.

Kitugwa kà á. "Wọn ò ní gbà á báyìí. Ẹ̀yin náà mọ̀. Ọ̀la ló parí."

"Kí wọ́n kọ̀ ọ́. Àwọn ló gba ilẹ̀, kí àwọn náà fi ẹnu ara wọn sọ pé àwọn ò dá a padà. Mi ò ní bá wọn pa irọ́ mọ́ òkú."

"Àwọn ọmọ mi ńkọ́?" Asunta pariwo. "Ṣé ìbínú yín ni wọ́n máa fi kọ́lé?"

Gorio bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, ó gbé àpò ìrẹsì kan lé èjìká, ó gbé e lọ sídìí mọ́tò. Nígbà tó yíjú padà láti wá gbé èkejì, Asunta ti gbé e, omijé ń dà lójú rẹ̀. Ó jù ú sínú búùtù débi pé mọ́tò mì.

"Mi ò tíì dárí jì yín o."

"Mo mọ̀."

Kitugwa fúnra rẹ̀ ló gbé páálí ẹran náà, kò sì gbójú sókè.

"Ó dáa," ni Ìyá Benita wí. "Ọjọ́ mẹ́fà ló kù. Kí la máa jẹ, ìbínú?"

"Gbẹ̀rẹ̀fùtù ẹ̀yìn ilé mi ti gbó," Gorio sọ, ó sì lọ wá ọ̀pá tó máa fi ká a.