Ta Ló Ń Dá Géèmù Bàbá Dúró?

Iṣẹ́ mi ni kí n máa pa ohun tó kọ̀ tí kò kú. Fóònù tó háńgì, kọ̀ǹpútà tó di ojú mọ́ olówó ẹ̀, ẹ̀rọ géèmù tó dúró sójú kan bí ewúrẹ́ tó kọ̀ láti wọlé, ọ̀dọ̀ mi ni wọ́n ń gbé gbogbo wọn wá. Ìmọ̀ràn tí mo kọ́kọ́ máa ń fún èèyàn kò yí padà rí, ìyẹn ni wọ́n ṣe sọ mí ní Pa-á-kóo-tún-tan-án. Mi ò bínú sí orúkọ náà. Ohun tó ń bí mi nínú ni kí èèyàn máa gbá ẹ̀rọ létí kó tó gbé e wá.

Ẹ̀rọ kì í sì í dédé háńgì. Ó lè jẹ́ ooru, ó lè jẹ́ pé inú ẹ̀ kún jù, ó sì lè jẹ́ ọwọ́ èèyàn. Ìfura loògùn àgbà, ọwọ́ èèyàn lèmi kọ́kọ́ máa ń wò.

Lọ́dún tó kọjá, àrùn rọpárọsẹ̀ kọlu bàbá wa. Awakọ̀ ojú irin tó ti fẹ̀yìn tì ni, alágídí èèyàn. Ẹsẹ̀ tètè padà sípò, àmọ́ ọwọ́ ọ̀tún kọ̀, kò dìde. Ẹ̀gbọ́n mi ọkùnrin àti ìyàwó ẹ̀ gbé e lọ sílé wọn, wọ́n fún un ní yàrá tó kọjú sí ọgbà òdòdó. Dókítà tó ń tọ́jú ọwọ́ náà ní kó máa ta géèmù lójoojúmọ́, pé ìka tó bá ń lé nǹkan kiri kò ní gbàgbé iṣẹ́ ẹ̀. Ni mo bá kó ẹ̀rọ lọ fún un láti ṣọ́ọ̀bù mi: kọ̀ǹpútà kan tó ti gbó díẹ̀, tó máa fi ta géèmù tí wọ́n ti ń to búlọ́ọ̀kù, tábúlẹ́ẹ̀tì tó máa fi ìka fọ́ ìfóòfó ọṣẹ aláwọ̀ mèremère lórí ẹ̀, àti ẹ̀rọ géèmù tí a so mọ́ tẹlifíṣọ̀n, tó máa fi páàdì tí wọ́n ń fọwọ́ dì mú wa ọkọ̀ ìdíje. Dókítà ní tí ọwọ́ bá ti ṣe dáadáa nígbà tóun bá padà wá yẹ̀ ẹ́ wò, kò sóhun tó ní kí Bàbá má padà sílé ara ẹ̀.

Ilé ara ẹ̀ yẹn ni mo fẹ́. Ibẹ̀ la dàgbà sí, ibẹ̀ ni Màmá wa kú sí, etí mi sì ni mo fi gbọ́ ọ lẹ́nu Bàbá nígbà tí ara ẹ̀ le pé ẹni tó bá ń gbé nílé ọmọ ti di àlejò. Torí náà, mo kun ilé náà látòkè délẹ̀. Mo pààrọ̀ gbogbo gílóòbù. Mo ká ẹní tó lè gbé e ṣubú kúrò nílẹ̀. Gbogbo ìgbà tí mo bá débẹ̀ ni mò ń sọ fún un pé, "Bàbá, ẹ máa tó padà sílé yín," á sì mi orí.

Àfi bí ẹ̀rọ ṣe bẹ̀rẹ̀ sí í dá iṣẹ́ sílẹ̀.

Ìyàwó ẹ̀gbọ́n mi, ìyàwó wa la máa ń pè é, ló kọ́kọ́ pè mí. "Àǹtí, ẹ jọ̀ọ́, ẹ̀rọ Bàbá ti dúró o. Wọ́n ní kí n pè yín." Mo ti ṣọ́ọ̀bù, mo wọ ọkọ̀ lọ. Kọ̀ǹpútà ni. Òbírí kékeré kan ń yí lójú ẹ̀, kò gbọ́ ti ẹnikẹ́ni. Mo tẹ bọ́tìnnì mẹ́ta pọ̀ lẹ́ẹ̀kan náà, bí a ṣe ń ṣe é, kí n lè rí ohun tó ń fún un lọ́rùn. Géèmù kan náà ni wọ́n ṣí lé ara wọn lórí, ṣí, ṣí, ṣí, débi pé ẹ̀rọ ò lè mí mọ́. Mo pa wọ́n lọ́kọ̀ọ̀kan.

"Bàbá, ta ló ṣí i báyìí?"

"Ọmọ mi, èmi ò mọ̀ o. Mo kàn jókòó sídìí ẹ̀ ni."

A mu tíì. Ó sọ ìtàn ọ̀gá kan tó sùn gbàgbé nínú ọkọ̀ ojú irin tó bá ara ẹ̀ nílùú míì, mo rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú mi. Ìrọ̀lẹ́ ni mo tó padà sí ṣọ́ọ̀bù.

Kò pẹ́ rárá, tábúlẹ́ẹ̀tì tẹ̀ lé e. Ìfóòfó ọṣẹ dúró lójú ẹ̀, kò fọ́, kò lọ. Tirẹ̀ kì í le: èèyàn á fi ìka ti géèmù láti ìsàlẹ̀ lọ sókè, á jù ú sóde. Ìyẹn kọ̀. Ni mo bá di bọ́tìnnì tí wọ́n fi ń tàn án mú pẹ̀lú ti ohùn, mo dì wọ́n mú títí ojú ẹ̀ fi dúdú. Nígbà tó tún jí, mo rí i pé kò sóhun tó wà nínú tábúlẹ́ẹ̀tì yẹn tí wọn ò ṣí kalẹ̀, títí kan èyí tí wọ́n fi ń wo ojú ọjọ́. Kí ni Bàbá fẹ́ fi ojú ọjọ́ ṣe? Kì í jáde nílé.

Ẹ̀ẹ̀kẹta ló wá burú. Tẹlifíṣọ̀n ni. Ọkọ̀ ìdíje dúró sáàárín títì, ìyàwó wa sì ní gbogbo ẹ̀ ti háńgì. Mo wò ó dáadáa. Kùrukùru ń lọ lójú ọ̀run géèmù yẹn, orin ń dún geere. Géèmù tó bá háńgì lóòótọ́, ohùn ẹ̀ á máa kólòlò ni, tàbí kó dákẹ́ fáú. Kò sóhun tó ṣe èyí, ọ̀rọ̀ ni kò gbọ́ látẹnu páàdì. Mo dojú páàdì délẹ̀, mo ṣí ìdérí ẹ̀yìn ẹ̀. Wọ́n ti yí bátìrì kan sódì.

Kí ẹ tó sọ pé àṣìṣe ni, ẹ jẹ́ kí n sọ fún yín nípa ìdérí yẹn. Ó le bí ẹ̀kọ́ ìṣirò. Ọwọ́ kan gbọ́dọ̀ di páàdì mú, àtàǹpàkò ọwọ́ kejì á tẹ ìdérí mọ́lẹ̀, á sì fà á. Èmi tí mò ń ṣí i lójoojúmọ́, èékánná mi ti kán sí i lẹ́nu. Ọlọ́wọ́ kan ò lè ṣí i. Ta ló wá ní ọwọ́ méjì nínú ilé yìí lọ́sàn-án, nígbà tí ẹ̀gbọ́n mi bá ti lọ síbi iṣẹ́? Kòkòrò tó ń jẹ̀fọ́, ara ẹ̀fọ́ ló wà. Mo gbójú sókè, ìyàwó wa dúró lẹ́nu ọ̀nà pẹ̀lú aṣọ ìnuwọ́, ó ń wò mí. Ó tètè gbé ojú ẹ̀ kúrò.

Mo yí bátìrì náà padà, mo lọ sílé. Àmọ́ lọ́sẹ̀ yẹn gan-an, aládùúgbò Bàbá pè mí pé òun rí ẹ̀gbọ́n mi nílé Bàbá pẹ̀lú ọkùnrin kan, pé wọ́n fa téèpù, wọ́n ń wọn nǹkan nínú yàrá. Àjẹ́ ké lánàá, ọmọ kú lónìí, ta ni ò mọ̀ pé àjẹ́ àná ló pa ọmọ jẹ? Wọ́n fẹ́ fi ilé Bàbá háyà. Bí ọwọ́ bá yá, Bàbá á padà sílé, háyà á bàjẹ́. Ẹ jẹ́ kí ọwọ́ má yá nìyẹn.

Mo ká ìyàwó wa mọ́ ilé ìdáná. Ó ń fọ abọ́.

"Ìyàwó wa, ọwọ́ tó o fi ń yí bátìrì yẹn, ṣé òun náà lo fi ń bu oúnjẹ fún bàbá mi?"

Ó pa ẹ̀rọ omi. "Àǹtí, kí lẹ sọ?"

"O gbọ́ mi. Ojú kòkòrò ló ń dà ẹ́ láàmú. Ẹ fẹ́ sọ bàbá mi di aláàbọ̀ ara kí ẹ lè jogún ẹni tí kò tíì kú. Ó dáa. Èmi náà ṣì wà láyé."

Omijé dé ojú ẹ̀, kò jẹ́ kó bọ́. Ohun kan ṣoṣo tó sọ ni, "Ẹ jọ̀ọ́, Àǹtí, ẹ rọra sọ̀rọ̀, kí Bàbá má gbọ́." Mo sọ lọ́kàn mi pé, ẹ ò rí i? Ẹni tí ọwọ́ ẹ̀ mọ́ á sọ pé òun kọ́. Lọ́jọ́ kejì ẹ̀gbọ́n mi pè mí. Ó ní tí mo bá tún sọ irú ọ̀rọ̀ yẹn sí ìyàwó òun, kí n má wọlé òun mọ́. Mo ní ilé ẹ̀ kọ́ ni mò ń bá lọ, bàbá mi ni. Ẹyin lohùn, àmọ́ lọ́jọ́ yẹn, a kò rí ẹni tó fẹ́ rọra gbé e nínú àwa méjèèjì.

Mo lọ bá Bàbá. Mo ní, "Bàbá, ọjọ́ tí dókítà bá wá, ọwọ́ gbé o, ọwọ́ ò gbé o, mò ń kó yín lọ sílé yín. Ẹnì kan ò ní fi yín ṣẹrú níbí." Tẹlifíṣọ̀n ló ń wò.

"Ó dáa," ló sọ.

Nígbà tí ọjọ́ náà pé, mi ò sọ fún ẹnikẹ́ni pé mò ń bọ̀ láàárọ̀. Mo gba ẹ̀yìnkùlé wọlé, mo rọra rìn gba àárín òdòdó, mo dúró lẹ́bàá fèrèsé yàrá Bàbá. Mo fẹ́ ká olè mọ́ ìdí ẹrù. Mo ti mú fóònù dání láti ya fọ́tò ìyàwó wa pẹ̀lú bátìrì lọ́wọ́.

Kò sí ìyàwó wa níbẹ̀. Bàbá nìkan ló jókòó. Ó ń wa ọkọ̀ ìdíje yẹn bí ẹni tí wọ́n bí sínú ẹ̀, àtàǹpàkò méjèèjì ń jó lórí páàdì. Méjèèjì. Ó yẹ kọ́nà, ó kọjá ọkọ̀ pupa kan, ó rẹ́rìn-ín sínú. Lẹ́yìn náà ló wo ẹnu ọ̀nà. Ó yí páàdì padà, ó fi àtàǹpàkò ọ̀tún tẹ ìdérí, ó fà á, ó yí bátìrì sódì, ó sì dé e padà. Ló bá fi ọwọ́ òsì gbé ọwọ́ ọ̀tún sórí itan bí ẹni ń tẹ́ ọmọ sùn, ó ké sí ìta.

"Ìyàwó! Ó tún ti dúró o! Bá mi pe ọmọ mi!"

Inú bí mi. Kí n má purọ́, ìbínú ló kọ́kọ́ dé. Gbogbo ṣọ́ọ̀bù tí mo tì, gbogbo oníbàárà tí mo lé padà! Àmọ́ ìyàwó wa wọlé kí ìbínú náà tó rí ẹsẹ̀ walẹ̀. Kò tiẹ̀ wo tẹlifíṣọ̀n. Ó ní, "Ẹ pẹ̀lẹ́, Bàbá. Màá pè wọ́n." Ó gbé páàdì kúrò lẹ́sẹ̀ Bàbá, ó rí i pé ìdérí ò wọlé tán, ó sì fi àtàǹpàkò tẹ̀ ẹ́ wọlé fún un láìsọ ohunkóhun. Ó mọ̀. Ó ti mọ̀ tipẹ́.

Ni fóònù bá dún lọ́wọ́ mi, níbi tí mo dúró sí láàárín òdòdó. Òun ló ń pè mí. Àwọn méjèèjì yíjú sí fèrèsé.

Ó jáde wá bá mi. Mi ò mọ ibi tí mo máa wò.

"Ìgbà wo lo ti mọ̀?"

"Láti ọjọ́ tí mo rí wọn tí wọ́n fi ọwọ́ yẹn de bọ́tìnnì ẹ̀wù wọn. Wọn ò mọ̀ pé mo wà níbẹ̀."

"Mo pè ẹ́ ní olójúkòkòrò. O ò sọ̀rọ̀."

"Tí n bá sọ, ṣebí ẹ máa kó wọn lọ ni, Àǹtí. Wọn ò sì fẹ́ lọ."

"Téèpù tí ọkọ ẹ ń fà kiri ńkọ́?"

"Bẹ́ẹ̀dì Bàbá ni àwọn àti káfíńtà lọ wọ̀n. Àwa méjèèjì fẹ́ kí Bàbá dúró síbí, a fẹ́ mọ̀ bóyá bẹ́ẹ̀dì yẹn máa gba ẹnu ọ̀nà wa."

Mo wọlé lọ bá Bàbá. Kò wò mí. Ọwọ́ ọ̀tún ṣì wà lórí itan níbi tó tẹ́ ẹ sí.

"Bàbá, kí ló dé tẹ́ ò sọ fún mi pé ẹ ò fẹ́ padà sílé?"

"Ilé yẹn ti dákẹ́ jù, ọmọ mi. Láti ìgbà tí ìyá yín ti lọ, mo lè gbọ́ ìró omi nínú páìpù." Ó mí kanlẹ̀. "O sì ti kùn ún. Inú ẹ ń dùn. Báwo ni mo ṣe fẹ́ sọ ọ́?"

"Ẹ̀rọ wá ńkọ́?"

"Tí ẹ̀rọ bá ń ṣiṣẹ́, o kì í wá."

Mo ti ń wá ẹni tó fẹ́ lé bàbá mi síbi tí kò fẹ́, àṣé èmi ni. Èmi tí mo fi ọ̀dà àti gílóòbù tuntun lé e.

Dókítà kan ilẹ̀kùn, ó wọlé, ó kí wa, ó fa àga sí iwájú Bàbá. "Bàbá, ọwọ́ wa ńkọ́ lónìí? Ẹ bá mi gbé e sókè." Bàbá ò mira. Ojú mi ló ń wò.

"Ẹ gbé e, Bàbá," mo ní. "Ẹ ò lọ síbì kankan."

Kò gbé e. Ìyàwó wa ló yíjú sí, ìgbà tí ìyẹn mi orí pé bẹ́ẹ̀ ni ló tó gbé ọwọ́ náà sókè, tààrà, ó kọjá orí ẹ̀. Dókítà pariwo ayọ̀. Wọ́n bí mi sínú ìdílé wa kí wọ́n tó gbé ìyàwó wa wá, òun ló ń kúnlẹ̀ kí mi láti ọjọ́ yẹn, àmọ́ orúnkún mi ló kan ilẹ̀ lọ́tẹ̀ yìí, níwájú dókítà.

"Àǹtí! Ẹ dìde, ẹ jọ̀ọ́! Kí lẹ̀ ń ṣe?"

"Foríjì mí," mo ní. "Foríjì mí, ìyàwó wa."

Ó fẹ́ kúnlẹ̀ tẹ̀ lé mi, Bàbá ló dá a dúró. Ó na ọwọ́ ọ̀tún sí mi, ó gbá mi lápá mú, ó fà mí dìde. Ọwọ́ náà le débi pé ó dùn mí, mi ò sì ní kó tú mi sílẹ̀.