Dígà Agbẹ́kànga

Ohun tí ẹ̀gbọ́n mi ọkùnrin ń wá ni kí agbẹ́kànga lọ sẹ́wọ̀n. Ó ní ọkùnrin náà lu òun ní jìbìtì: ó gba àsansílẹ̀, kò sì fún òun lómi.

Bó ṣe ṣẹlẹ̀ gan-an rèé. Agbẹ́kànga gbẹ́ ẹ̀yìnkùlé wa títí ó fi kan àpáta. Ó gòkè wá, erùpẹ̀ bo ojú rẹ̀, ó ní, "Ẹ̀gbọ́n, òkúta rèé o. Òkúta ò sí nínú àdéhùn wa. Ẹ jẹ́ ká tún un sọ." Ẹ̀gbọ́n mi fárígá. Bí ọkùnrin náà ṣe lọ jẹun báyìí, ẹ̀gbọ́n mi kó dígà, òòlù, ṣọ́bìrì àti okùn rẹ̀ sínú sítọ́ọ̀, ó ti àgádágodo, ó sì ju kọ́kọ́rọ́ sí mi nídìí ẹ̀rọ ìránṣọ mi ní pálọ̀. "Má fún un o, àfi tó bá gbà láti fọ́ òkúta náà lọ́fẹ̀ẹ́."

Mo gbà á. Kí ni ǹ bá ṣe? Ilé rẹ̀ ni mo ń gbé látìgbà tí ọkọ mi ti kú, pálọ̀ rẹ̀ ni mo ti ń ránṣọ jẹun.

Agbẹ́kànga wá tọrọ ẹrù rẹ̀ títí ó fi sú u, kò wá mọ́. Ni ẹ̀gbọ́n mi bá gba àgọ́ ọlọ́pàá lọ, ó ní ọkùnrin náà ti sá. Ọlọ́pàá tó wà nídìí tábìlì kọ́kọ́ ní, "Bàbá, ṣé kì í ṣe ọ̀rọ̀ àdéhùn nìyí?" Ṣùgbọ́n ta ló lè bá ẹ̀gbọ́n mi du ariwo? Ìgbà tó fi máa dákẹ́, jìbìtì ti wọ inú ìwé. Wọ́n mú agbẹ́kànga. Ó ń sọ pé wọ́n ti ẹrù òun mọ́lé, wọ́n ní kó lọ sọ ọ́ fún adájọ́.

Ní kóòtù, ẹ̀gbọ́n mi búra, ó ní ọkùnrin náà ti kó gbogbo ẹrù rẹ̀ sá lọ. Inú bí mi. Ẹnu yẹn náà ló fi kọ́ mi pé irọ́ kò dáa.

Wọ́n pe èmi náà kí n wá jẹ́rìí pé lóòótọ́ ni ọkùnrin náà pa iṣẹ́ tì. Mo sọ ọ́, òótọ́ kúkú ni. Adájọ́, obìnrin kan tó wọ awò, wá bi agbẹ́kànga bóyá ó ní ìbéèrè fún mi. Kò ní lọ́yà. Ìbéèrè kan ṣoṣo ló bi mí.

"Àǹtí, ẹ jọ̀ọ́, níbo ni dígà mi wà?"

Mo wo ẹ̀gbọ́n mi. Ó ranjú mọ́ mi bí ìgbà tí mo wà ní kékeré tí mo fẹ́ yọ ẹran nínú ìkòkò. Ohun tí ojú yẹn ń sọ yé mi: bí mo bá sọ̀rọ̀, mo ti fi ẹnu ara mi lé ara mi jáde nílé. Bí mo bá sì dákẹ́, ọkùnrin yìí máa sùn lẹ́wọ̀n nítorí ohun tó wà nínú báàgì mi.

"Ó wà nínú sítọ́ọ̀ wa," mo ní. "Kọ́kọ́rọ́ rẹ̀ rèé."

Adájọ́ bọ́ awò ojú rẹ̀. Ó ní, "Bàbá, ẹni tó fẹ́ luni ní jìbìtì, ọjọ́ tó ń gba iṣẹ́ ló ti mọ̀ pé òun ò ní ṣe é. Eléyìí wá, ó gbẹ́ ilẹ̀ títí ó fi kan àpáta, ẹ̀yin lẹ wá ti irinṣẹ́ rẹ̀ mọ́lé. Bí àdéhùn yín bá yẹ̀, kóòtù tó ń gbọ́ irú ẹ̀ wà ní ìparí ọ̀dẹ̀dẹ̀ yìí. Ẹ lọ pè é lẹ́jọ́ níbẹ̀. Wọn kì í fi èèyàn sẹ́wọ̀n lọ́dọ̀ tiwọn."

"Omi mi wá ńkọ́?" ni ẹ̀gbọ́n mi wí.

"Bàbá, èmi kọ́ ni mò ń gbẹ́ kànga."

Gbogbo kóòtù bú sẹ́rìn-ín, àfi ẹ̀gbọ́n mi. Wọ́n tú agbẹ́kànga sílẹ̀. Ẹ̀gbọ́n mi wọ ọkọ̀ rẹ̀, ó fi mí sílẹ̀ lójú títì. Wọ́n ní a kì í ti kóòtù bọ̀ ká ṣọ̀rẹ́. Èmi ò mọ̀ pé wọ́n ka ọmọ ìyá mọ́ ọn.

Mo fẹsẹ̀ rìn délé. Kò dúró de kọ́kọ́rọ́, ó ti fọ́ àgádágodo. Ẹrù agbẹ́kànga wà níta lẹ́nu géètì. Ẹ̀rọ ìránṣọ mi àti àpótí aṣọ mi wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Mo kan ilẹ̀kùn, ẹ̀gbọ́n mi ò ṣí i. Kọ́tìnì tí mo fọwọ́ ara mi rán mì díẹ̀ lójú fèrèsé. Mo sunkún, n ò ní purọ́. Ṣùgbọ́n n ò kábàámọ̀.

Nígbà tó yá, agbẹ́kànga ti báárò dé. Ó kó irinṣẹ́ rẹ̀ sínú ẹ̀. Ó wo ẹ̀rọ mi, ó wo ilẹ̀kùn. Ó gbé ẹ̀rọ náà lé orí dígà rẹ̀, ó sì fi okùn kànga dì í dáadáa. Mo gbé àpótí aṣọ mi rù.

"Àǹtí, níbo là ń gbé e lọ?"

"N ò tíì mọ̀," mo ní. "Ẹ ṣáà máa tì í."