Abẹ́rẹ́ Inú Àwòrán

Wọ́n ti gbé òkú Bàsítì lé èjìká, ẹsẹ̀ àwọn tó ṣáájú sì ti kan títì, kí ọlọ́pàá tó na ọwọ́ dá wọn dúró.

"Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má tíì sin ín."

Yàkúbù, bàbá olóògbé, ló wà níwájú. Ó wo ọlọ́pàá náà bí ẹni ń wo òjò tó ṣú lórí àgbàdo tí wọ́n sá. Sájẹ́ǹtì Nehemiah ni, ọmọ Yagba, ó sì mọ ìwà hù. Ó ṣí fìlà, ó tẹrí ba, ó kí i bí wọ́n ṣe ń kí ní Yagba.

"Okun o, Bàbá. Ẹ kú àmúmọ́ra. Àwọn aládùúgbò ṣọ́ọ̀bù sọ pé Elisha ọ̀rẹ́ rẹ̀ ló pa á. Elisha wà lọ́wọ́ wa láti àná. A gbọ́dọ̀ mọ ohun tó pa á kó tó wọlẹ̀."

"Báwo lẹ ṣe fẹ́ mọ̀ ọ́n?"

"Dókítà ni yóò là á wò."

Ìsíátù, àbúrò Yàkúbù obìnrin, gbọ́ ọ lẹ́nu ọ̀nà. Òun ló rán aṣọ òkú láàárọ̀ ọjọ́ náà.

"Ta lẹ fẹ́ là? Ṣé ẹran Iléyá lẹ pè é ni?"

Ọ̀rẹ́ àtikékeré ni Bàsítì àti Elisha. Inú abọ́ kan náà ni wọ́n ti ń jẹun nílé Yàkúbù kí wọ́n tó hu irùngbọ̀n. Wọ́n jọ ń ta sìmẹ́ǹtì ní àdúgbò Karaworo ní Lọ́kọ́ja. Lánàá, òjò rọ̀ sórí ọjà wọn. Ta ló gbàgbé láti fi tapólì bò ó? Ìwọ ni, èmi kọ́, ariwo ta. Nígbà tí àwọn aládùúgbò sáré wọlé, Bàsítì ti wà nílẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ bárò tí wọ́n fi ń kó sìmẹ́ǹtì, ẹ̀jẹ̀ ń ṣàn láti orí rẹ̀, Elisha sì dúró tì í. Elisha ní òun ò fọwọ́ kàn án. Ó ní ńṣe ni Bàsítì di àyà mú, tó ṣubú, tí orí rẹ̀ sì gbá irin bárò. Kò sẹ́ni tó gbà á gbọ́.

Yàkúbù pàápàá ò mọ èyí tí ì bá gbà. Ìyẹn ló ń jẹ ẹ́ lọ́kàn. Bí ó bá sin ọmọ rẹ̀ láìmọ̀, orúkọ apààyàn yóò máa tẹ̀ lé Elisha títí ikú. Bẹ́ẹ̀, láti ọjọ́ tí àwọn baba rẹ̀ ti Ìlọrin dé Lọ́kọ́ja, ọ̀bẹ ò kan òkú kankan nílé wọn.

"Kò sí ọ̀bẹ," ni ó wí. "Ṣé kò sí ọ̀nà mìíràn?"

Sájẹ́ǹtì họ orí. "Dókítà Adérónkẹ́ sọ̀rọ̀ ẹ̀rọ kan. Ó ní ó máa ń ya àwòrán inú ara láìlà á."

"Kì í ṣe alààyè ni wọ́n ń lò ó fún?"

"Mo bi í bẹ́ẹ̀, Bàbá. Ó ní ti òkú tilẹ̀ máa ń mọ́ jù. Òkú kì í mira."

Yàkúbù yíjú sí àwọn tó gbé òkú. "Ẹ gbé e lọ. Mò ń bọ̀."

Ní ilé ìwòsàn, dókítà ò jẹ́ kí wọ́n tú aṣọ òkú. Ó ní ẹ̀rọ náà yóò ríran kọjá aṣọ. Ẹ̀rọ ọ̀hún rí roboto, ó ní ihò láàárín bí ẹnu kànga tí wọ́n dà sí ẹ̀gbẹ́. Ibùsùn gbé Bàsítì wọ inú rẹ̀. Ẹ̀rọ hùn bí ẹ̀rọ ìlọta. Yàkúbù jókòó lẹ́yìn gíláàsì, ó wọ awò ojú rẹ̀. Àwòrán ń jáde ní fẹ̀lẹ́fẹ̀lẹ́, bí ẹni ń gé búrẹ́dì.

"Kí ni funfun yẹn?"

"Egungun ni, Bàbá."

"Dúdú ńkọ́?"

"Afẹ́fẹ́. Ẹ̀dọ̀fóró rẹ̀ nìyẹn."

Ó sún mọ́ ọn. Ó tọ́ ọmọ yìí dàgbà, kò rí inú rẹ̀ rí.

Lójijì, ohun kan yọ ní àyà òkú, ó funfun ju egungun lọ, ó tín-ín-rín, ó gún régé. Sájẹ́ǹtì fò dìde.

"Abẹ́rẹ́! Wọ́n gún un lábẹ́rẹ́ lọ́kàn! Elisha yìí, ọ̀dájú ni!"

Dókítà yí àwòrán náà sí ẹ̀gbẹ́, bí ẹni yí iṣu lórí iná. Láti ẹ̀gbẹ́, abẹ́rẹ́ náà ò wọ ẹran. Orí awọ ara ló sùn sí.

"Inú aṣọ ló wà," ni dókítà wí.

Yàkúbù ṣílẹ̀kùn sí Ìsíátù, tó tẹ̀ lé wọn wá, tó sì dúró níta. "Ìsíátù, abẹ́rẹ́ rẹ dà?"

"Etí gèlè mi ni mo há a sí." Ó fọwọ́ wá a. Ó tún wá a. "Yéè! Mo gbàgbé rẹ̀ sára ọmọ ọlọ́mọ! Sájẹ́ǹtì, èmi lẹ ó kúkú mú."

Sájẹ́ǹtì rọra jókòó.

Dókítà padà sí orí. Agbárí ò sán. Ẹ̀jẹ̀ ò sí nínú ọpọlọ. Awọ nìkan ló bẹ́. Ó wá sọ̀ kalẹ̀ sí ọkàn. Nǹkan eléérú kan yí ọkàn náà ká.

"Ẹ̀jẹ̀ ni," ni ó wí. "Iṣan ẹ̀jẹ̀ ńlá tó ti inú ọkàn jáde ló ya. Ẹ̀jẹ̀ kún yí ọkàn ká, ó fún un pa."

"Ṣé ẹ̀ṣẹ́ lè fà á?"

"Mi ò rí àmì ẹ̀ṣẹ́, Bàbá. Egungun àyà pé. Iṣan náà sì ti wú. Wíwú rẹ̀ kì í ṣe ti àná."

"Ìbínú ńkọ́?"

"Ìbínú lè ya á. Gbígbé àpò sìmẹ́ǹtì náà lè ya á. Àwòrán ò lè sọ ìyẹn."

Yàkúbù mi orí. Ó tẹ́ ẹ lọ́rùn pé dókítà ò bu iyọ̀ sí i.

"Ẹ lè lọ sin ín," ni Sájẹ́ǹtì wí.

"Elisha ńkọ́?"

"A ó tú u sílẹ̀, Bàbá."

"Ẹ tú u sílẹ̀ báyìí. Ẹ mú un wá bá wa ní itẹ́ òkú."

Elisha dé láìwọ bàtà, ó dúró lókèèrè.

"Kí lò ń dúró wò?" ni Yàkúbù wí. "Wá gbé ẹsẹ̀ ọ̀rẹ́ rẹ."

Elisha gbé e. Ó ń sunkún, kò pariwo. Wọ́n sin Bàsítì kí wọ́n tó pe ìrun Aláásárì.

Ìsíátù ti fa abẹ́rẹ́ yọ kí wọ́n tó kúrò ní ilé ìwòsàn. Nígbà tí wọ́n padà délé, abẹ́rẹ́ náà wà létí gèlè rẹ̀, fọ́nrán òwú funfun kan sì ṣì wà lójú abẹ́rẹ́.