Ẹnu Ọgbà Ẹja

"Àwọn baba ńlá wa ló fi ojú omi yìí sílẹ̀ fún mi," ni Bẹ́ṣírì wí. Inú òkun tó mù ún dé itan ló dúró sí, ó ń rẹ́rìn-ín sí kámẹ́rà.

Láti Tunis ni wọ́n ti wá ya fíìmù nípa òkun erékùṣù Kerkennah, níbi tí ìdílé kọ̀ọ̀kan ti ń fi imọ̀ ọ̀pẹ sọgbà sínú omi, tí ọgbà náà sì ń darí ẹja wọnú ìgèrè. Sálúhà jókòó sétí omi, ó ń gbọ́ gbogbo rẹ̀. Ridha, ọkọ rẹ̀ tó ti kú, ló ni ojú omi náà. Ọdún mọ́kàndínlógún làwọn méjèèjì fi jọ ri imọ̀ ọ̀pẹ mọ́lẹ̀ níbẹ̀. Ogójì ọjọ́ Ridha kò tíì pé tí Bẹ́ṣírì, àbúrò rẹ̀, fi gbé apẹ̀rẹ̀ ẹja gbígbẹ méjì lọ fún akọ̀wé ìjọba, tí ìyẹn sì kọ orúkọ rẹ̀ sínú ìwé. Nígbà tí Sálúhà lọ bẹ akọ̀wé náà, ìyẹn ní òkun kì í ṣe ogún obìnrin.

Fóònù ni Bẹ́ṣírì ń tà nílùú Sfax látìgbà èwe. Kò mọ bí omi ṣe ń ṣàn. Nígbà tó fẹ́ sọgbà de àwọn oní-fíìmù, ó wá bá Sálúhà pẹ̀lú ohùn pẹ̀lẹ́.

"Ìyá Mùnírà, ẹ jọ̀wọ́, ibo lẹnu ọgbà máa ń kọjú sí?"

"Ibi tí oòrùn ti ń yọ."

Irọ́ ni; ìwọ̀ oòrùn ló máa ń kọjú sí.

Lójú kámẹ́rà, Bẹ́ṣírì wá gbé ìgèrè àkọ́kọ́ sókè báyìí, koríko òkun nìkan ló wà nínú rẹ̀. Ó gbé ìkejì, ó gbé ìkẹta. Àwọn àgbà apẹja bẹ̀rẹ̀ sí í rẹ́rìn-ín, kámẹ́rà kò sì dúró. Obìnrin tó ń darí fíìmù náà rọra béèrè ẹni tó ni omi yìí gan-an. Sálúhà ni gbogbo ojú yí sí.

Lọ́jọ́ kejì, Bẹ́ṣírì tún dé ẹnu ọ̀nà Sálúhà. Ó ní ṣé ó fẹ́ kí ebi pa ìdílé àwọn ni.

"Ìwé ṣáà wà lọ́wọ́ ẹ," ni Sálúhà wí. "Lọ kà á fún ẹja."

Bẹ́ṣírì náà ni ìwé ṣì ń pè ní ẹni tó ni omi náà. Kò rí ẹja pa ní gbogbo ìgbà òtútù ọdún yẹn. Búrẹ́dì àti òróró lásán làwọn ọmọ Sálúhà náà ń jẹ. Láràárọ̀, kí Sálúhà tó fọwọ́ kan tirẹ̀, á gun orí òrùlé, á wo ọkùnrin náà bó ṣe ń gbé ìgèrè òfìfo, á wá sọ̀ kalẹ̀ wá jẹun. Búrẹ́dì náà a sì máa dùn lẹ́nu rẹ̀.