Ọ̀rọ̀ Tí Aṣòfin Kò Lọ Sọ Nílé

Nígbà tí Dókítà Fọláhàn Ọdẹ́wálé kó kọjá ààlà láti Kánádà wá sọ́dọ̀ ọmọ rẹ̀ ní Springdale lọ́dún 1997, ẹni ọdún mẹ́tàdínláàádọ́rin ni. Ìyàwó rẹ̀ ti kú, ilé tí wọ́n jọ gbé ní Kánádà sì ti tóbi ju ẹnì kan ṣoṣo lọ. Tolúwalọpẹ́ ọmọ rẹ̀ ń ṣe nọ́ọ̀sì; bó bá ti jáde láàárọ̀, ó di ìrọ̀lẹ́. Bàbá á jókòó ti fèrèsé, á máa wo àwọn mọ́tò tó ń sáré lọ sí apá Largo. Ohun tó kọ́kọ́ yà á lẹ́nu ni pé kò sẹ́ni tó ń kí ẹnikẹ́ni lójú títì. Níbi tó ti ń bọ̀, ọkọ̀ kan kì í pàdé òmíràn kí awakọ̀ má gbé ìka sókè kí ẹnì kejì rẹ̀.

Kò pẹ́ tí àwọn ará ṣọ́ọ̀ṣì ọmọ rẹ̀ fi gbọ́ pé ó ti ṣe aṣòfin rí. Bí wọ́n ṣe sọ ọ́ di "Honourable" nìyẹn. Wọ́n á fà á lọ sí ìjókòó iwájú, wọ́n á ní kó gbàdúrà fún àwọn olórí. Bàbá á rẹ́rìn-ín músẹ́, ṣùgbọ́n bí wọ́n bá ti délé, á sọ fún ọmọ rẹ̀ pé, "Bá mi sọ fún wọn kí wọ́n máa pè mí ní Dókítà. Oyè ti ẹran yẹn, kò sẹ́ni tó lè dìbò gbà á lọ́wọ́ mi."

Òótọ́ ni, ẹran ló gbé e débi tó dé. Ọdún 1967 ló parí ẹ̀kọ́ dókítà ẹran ní Kánádà. Kò sí ìlú ńlá tó fẹ́ gbà á síṣẹ́. Harlan Creek, ìlú kékeré kan láàárín oko àlìkámà, ti ń wá dókítà ẹran fún ọdún márùn-ún láìrí. Wọ́n gbà á torí pé kò sẹ́lòmíràn. Ó ránṣẹ́ pe Adérónkẹ́ ìyàwó rẹ̀ àti Tolúwalọpẹ́, ọmọ ọdún mẹ́fà nígbà náà, láti Ìbàdàn. Oṣù mẹ́ta gbáko ni àwọn àgbẹ̀ fi ń wò ó láti òkèèrè. Ẹran wọn á máa ṣàìsàn, wọn ò ní pè é.

Bridget ló kọ́kọ́ pè é. Opó ni Bridget, òun nìkan ló ń dá oko ńlá tí ọkọ rẹ̀ fi sílẹ̀ ṣe. Màlúù rẹ̀ kan ń rọbí, ọmọ inú rẹ̀ sì fẹ̀gbẹ́ dábùú, kò lè jáde. Láti ìdájí títí di ọ̀sán ni Fọláhàn fi wà lórí ìkúnlẹ̀ nínú koríko gbígbẹ, tó ki ọwọ́ bọ inú màlúù náà dé èjìká, tí òtútù ń gbá a lẹ́yìn. Ọmọ màlúù jáde láàyè. Bridget kò sọ̀rọ̀ púpọ̀. Ó gbé tíì gbígbóná fún un, ó sì wọ ọkọ̀ rẹ̀, ó ń lọ láti oko dé oko, ó ń ròyìn ohun tí ojú rẹ̀ rí. Kí ọ̀sẹ̀ tó parí, fóònù Fọláhàn kò sinmi mọ́.

Ọdún mẹ́sàn-án lẹ́yìn náà, Bridget yìí kan náà ló ní kó du ipò nínú ìgbìmọ̀ ìlú.

"Èmi? Èmi àlejò?" ni Fọláhàn bi í.

"Àlejò wo? Ta ló tún wà níbí tó ti wọ ilé ẹran gbogbo wa?"

Òun ló wa ọkọ̀ gbé e káàkiri ojúlé. Fọláhàn wọlé. Ó lo ọdún mẹ́wàá nínú ìgbìmọ̀ náà, ó di alága wọn, nígbà tó sì di 1986 wọ́n dìbò fún un pé kó lọ ṣojú gbogbo agbègbè náà nílé aṣòfin ìpínlẹ̀. Ọ̀nà kan ṣoṣo ló mọ̀ láti fi ṣe òṣèlú: ohunkóhun tó bá fẹ́ ṣe, yálà wọ́n á fẹ́ ẹ tàbí wọn ò ní fẹ́ ẹ, á kọ́kọ́ wá sí gbọ̀ngàn ìlú, á dúró níwájú wọn, á sọ ọ́. Wọ́n á bínú. Wọ́n á jágbe mọ́ ọn. Lẹ́yìn náà wọ́n á jọ mu kọfí.

Ibi tí àwọn ará ṣọ́ọ̀ṣì gbọ́ ìtàn rẹ̀ dé nìyí, ó sì dùn mọ́ wọn. Èyí tó kù, kò sọ ọ́ fún ẹnikẹ́ni.

Lọ́jọ́ Àìkú kan nínú oṣù Kẹwàá, obìnrin kan tó ń jẹ́ Mosúnmọ́lá dúró dè é lẹ́nu ọ̀nà ṣọ́ọ̀ṣì. Capitol Heights ló ń gbé. Ilé ìtọ́jú àwọn arúgbó kan lápá Laurel ló ti ń ṣiṣẹ́.

"Ẹ káàsán, Dádì," ó wí, ó sì kúnlẹ̀ díẹ̀. "Ẹ jọ̀ọ́, ọ̀rọ̀ bọ́ọ̀sì wa ni mo bá wá. Bọ́ọ̀sì aago márùn-ún ìdájí, ìgbìmọ̀ tó ń ṣàkóso agbègbè wa ní àwọn fẹ́ dá a dúró. Wọ́n ní èrò inú ẹ̀ ò pọ̀. Dádì, èèyàn mẹ́tàlélógún ni wá, mo kà wá. Aago méje la gbọ́dọ̀ ti wà níbi iṣẹ́. Èyí tó tẹ̀ lé e, aago mẹ́jọ ló ń dé ọ̀hún."

"Ṣé o ò ní mọ́tò ni?"

"Ah, Dádì, tí mo bá ní mọ́tò ni, kí ni màá máa dúró nínú òtútù ṣe?" Ó rẹ́rìn-ín. "Wọ́n ní ká wá sọ tẹnu wa ní ìpàdé wọn ní Largo ní Ọjọ́bọ̀ tó ń bọ̀. Àwa ò mọ bí wọ́n ṣe ń bá aláṣẹ sọ̀rọ̀. Ẹ̀yin ti jókòó síbi tí wọ́n jókòó sí rí. Ẹ bá wa sọ̀rọ̀."

Ojú Bàbá yí padà. "Mi ò lè ṣe é," ló wí. "Má bínú. Mi ò lè ṣe é." Ó kọjá lọ sínú mọ́tò, kò tilẹ̀ dúró gbọ́ "ó dàbọ̀".

Tolúwalọpẹ́ wakọ̀ títí wọ́n fi fẹ́rẹ̀ẹ́ délé kó tó sọ̀rọ̀.

"Dádì, kí ni obìnrin yẹn fi ṣẹ̀ yín?"

"Kò fi nǹkan kan ṣẹ̀ mí."

"Kí ló wá dé?"

"Tolú, ṣé o rántí ọdún tí wọ́n ti ilé ìwòsàn wa pa?"

"Báwo ni mo ṣe fẹ́ gbàgbé?" Níbẹ̀ ni ìyá rẹ̀ ti ṣe nọ́ọ̀sì fún ogún ọdún; ara ìyá rẹ̀ lòun náà ti rí iṣẹ́ yìí kọ́. Lọ́dún 1993, ọdún kan lẹ́yìn ikú Adérónkẹ́, ìjọba ní àwọn fẹ́ ti àwọn ilé ìwòsàn kéékèèké tí bẹ́ẹ̀dì wọn ń ṣófo, ti Harlan Creek sì wà nínú wọn.

"Mo ṣèlérí pé màá wá bá wọn ní gbọ̀ngàn ní Sátidé, ká tó dìbò lọ́jọ́ Ajé," ni Bàbá wí. "Wọ́n to àga sílẹ̀. Àwọn obìnrin se ọbẹ̀. Mi ò lọ. Mo ní yìnyín dí ọ̀nà."

"Mo rántí. Ẹ pè mí lórí fóònù, ẹ ní yìnyín dí ọ̀nà."

"Yìnyín ò dí ọ̀nà, Tolú. Oòrùn ń ràn lọ́jọ́ náà. Mo wà nínú yàrá mi nítòsí ilé aṣòfin, mo wọ kóòtù, mo tún bọ́ ọ. Mo ti mọ̀ pé màá dìbò kí wọ́n tì í pa, mo sì rò pé ó tọ́: dókítà kankan ò fẹ́ dúró níbẹ̀, aláìsàn tó ń sùn níbẹ̀ ò ju mẹ́rin lọ. Títí dòní mo ṣì rò pé ó tọ́. Ṣùgbọ́n mi ò lè dúró níwájú àwọn tó mọ ìyá rẹ kí n sọ ọ́. Orí rédíò ni wọ́n ti gbọ́. Nígbà tí ìbò míì dé, wọ́n lé mi kúrò."

Tolúwalọpẹ́ ti pa ẹ́ńjìnnì níwájú ilé, ṣùgbọ́n kò jáde.

"Ẹ purọ́ fún èmi náà."

"Bẹ́ẹ̀ ni."

Ó sunkún díẹ̀, ó nu ojú. Nígbà tó tún sọ̀rọ̀, ohùn rẹ̀ ti rọ̀. "Dádì, àwọn ará bọ́ọ̀sì yẹn ò mọ̀ nípa yìnyín. Ẹni tó máa kọ́ wọn bí wọ́n ṣe ń sọ̀rọ̀ ni wọ́n ń wá."

Lọ́jọ́ kejì, Bàbá ní kó gbé òun lọ sí Capitol Heights. Ó bẹ Mosúnmọ́lá, ó sì sọ fún un pé òun ò ní bá wọn sọ̀rọ̀, àmọ́ òun á kọ́ ọ. "Ìwọ lo ń wọ bọ́ọ̀sì, ìwọ lo máa sọ ọ́. Má bú wọn. Sọ aago tó ò ń jí. Sọ nípa arúgbó tí ò ní rí ẹni gbé e dìde lórí bẹ́ẹ̀dì tó o bá pẹ́ dé. Tó o bá ti sọ ìyẹn tán, jókòó."

Ọjọ́bọ̀ pé. Ìṣẹ́jú mẹ́ta ni wọ́n fún olúkúlùkù. Mosúnmọ́lá di máìkì mú, ó sọ ọ́ bó ṣe yẹ, ó sì jókòó kí aago tó dún. Àwọn èèyàn pàtẹ́wọ́. Obìnrin kan nínú ìgbìmọ̀ náà, Stephanie Coles, tó ń ṣojú agbègbè Capitol Heights, kò gbójú sókè. Ìwé kan ló ń wò. Bàbá ń ṣọ́ ọ láti ẹ̀yìn: láti ìbẹ̀rẹ̀ títí dé òpin, kò ṣí ojú ewé kejì. Ó mọ irú ìwé kíkà bẹ́ẹ̀. Òun náà ti kà á rí.

Nígbà tí ìpàdé túká, ó lọ bá a lẹ́nu ọ̀nà.

"Ẹ ṣé tí ẹ wá, sà," ni Stephanie wí, ẹsẹ̀ rẹ̀ sì ti ń lọ.

"Mi ò wá bẹ̀ ọ́ nítorí ìbò. Èmi náà ti jókòó sórí irú àga yẹn, ní ìgbèríko Kánádà. Ó jọ pé o ti mọ ohun tó o fẹ́ ṣe."

Obìnrin náà dúró.

"Ó lè jẹ́ pé ìwọ lo tọ̀nà," ni Bàbá wí. "Ohun tí mo fẹ́ bẹ̀ ọ́ fún ni pé, má jẹ́ kó jẹ́ ara bébà tí wọ́n lẹ̀ mọ́ òpó ni wọ́n ti máa kà á. Lọ bá wọn níbi tí wọ́n ti ń wọkọ̀, kó o sọ fún wọn fúnra rẹ."

"Ṣé ẹ̀yin ṣe bẹ́ẹ̀ nígbà tiyín, sà?"

"Mo máa ń ṣe é. Èyí tó le jù lọ ni mi ò ṣe."

Stephanie bọ̀ ọ́ lọ́wọ́, ó sì lọ.

Ìbéèrè yẹn kò kúrò lọ́kàn Bàbá. Láàárọ̀ ọjọ́ kejì, bí Tolúwalọpẹ́ ṣe jáde, ó gbé fóònù, ó pe Harlan Creek. Bridget ti pé ọdún méjìdínlọ́gọ́rin, ṣùgbọ́n ohùn rẹ̀ ṣì le.

"Bridget, Fọláhàn ni."

"Dókítà."

"Mo fẹ́ sọ nǹkan kan fún ọ. Yìnyín ò dí ọ̀nà lọ́jọ́ Sátidé yẹn."

"Mo mọ̀."

"O mọ̀?"

"Nígbà tá a retí rẹ tí a ò rí ọ, mo wakọ̀ gba ọ̀nà yẹn wá ọ lọ. Mo rò pé ọkọ̀ rẹ ti yí sínú kòtò. Wákàtí méjì ni mo fi wakọ̀, tí mò ń yọjú wo inú kòtò. Ọ̀nà gbẹ láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin."

Bàbá di fóònù mú, omi ń bọ́ lójú rẹ̀. Nígbà tó yá, ó ní, "O ò sì sọ fún ẹnikẹ́ni."

"Ta ni màá sọ fún? Wọ́n ti bínú tó." Bridget wúkọ́. "Mi ò tíì dárí jì ọ́ tán o. Ṣùgbọ́n pè mí lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀. Màlúù mi kan ń tiro, ọmọdé tí wọ́n fi rọ́pò rẹ níbí ò mọ ohun tó ń ṣe é."

Nínú oṣù Kejìlá, ìgbìmọ̀ dìbò pé kí bọ́ọ̀sì ìdájí náà dáwọ́ dúró. Kí ẹnikẹ́ni tó lẹ bébà kankan, Stephanie Coles dé ibùdókọ̀ ní aago márùn-ún ku díẹ̀, òun nìkan, tó fi ṣáàlì wé ọrùn. Ó sọ bóun ṣe dìbò àti ìdí tóun fi ṣe é. Wọ́n jágbe mọ́ ọn. Ọkùnrin kan kẹ̀yìn sí i. Mosúnmọ́lá bi í bóyá ó ti wọ bọ́ọ̀sì náà rí, ó ní òun ò wọ̀ ọ́ rí. Nígbà tí bọ́ọ̀sì dé, ó bá wọn wọlé, ó sì bá wọn dé Laurel lórí ìdúró.

Bọ́ọ̀sì náà kò padà. Mosúnmọ́lá wá yàrá kan sí Laurel nítòsí ibi iṣẹ́ rẹ̀, àwọn yòókù sì ṣètò láti máa fi mọ́tò gbé ara wọn. Nígbà tó wá kí Bàbá lẹ́yìn ọdún tuntun, Bàbá bi í léèrè ohun tó rò nípa obìnrin yẹn.

"Inú ṣì ń bí mi sí i, Dádì," ó wí. "Ṣùgbọ́n ó wá."